Gbẹ́rẹ́ àti Agolo Wàrà: Ohun Kékeré Ìgbà Èwe nínú Ìwé Ìrántí Ṣóyínká àti Fálọlá

Ó ti di àṣà láàárín àwa alámèyítọ́ láti máa ka ìtàn ìgbà èwe láti ẹ̀yìn wá síwájú. A ti mọ ohun tí ọmọ náà dà kí á tó ṣí ojú ewé kìíní. Nítorí náà, gbogbo ohun tó ṣe ní kékeré di àmì ohun tí yóò dà. Bí ó bá bá ẹgbẹ́ rẹ̀ jà, a ó ní ajàfẹ́tọ̀ọ́ ló ń bọ̀. Bí ó bá béèrè ọ̀rọ̀ kan náà lẹ́ẹ̀mẹta, a ó ní onímọ̀ ni. Kò sí ìwé tí irú kíkà yìí ṣe léṣe tó Aké tí Wọlé Ṣóyínká tẹ̀ jáde ní ọdún 1981. Láti ìgbà tí òǹkọ̀wé náà ti gba ẹ̀bùn Nobel ní ọdún 1986, ojú ẹ̀bùn yẹn ni a fi ń wo ọmọ tí kò tí ì pé ọdún méjìlá. Ọmọ tó ń jí wàrà ìkókó lá ti pòórá. Ẹni ńlá nìkan ló kù lójú ìwé.

Iṣẹ́ tí mo fẹ́ ṣe níhìn-ín kò ju pé kí n gbìyànjú láti ka ìwé náà láti iwájú lọ sẹ́yìn, bí ọmọ ṣe ń gbé ọjọ́ rẹ̀. Mo mú ìwé kejì mọ́ ọn: A Mouth Sweeter Than Salt, èyí tí Tóyìn Fálọlá kọ nípa ìgbà èwe rẹ̀ ní Ìbàdàn, tó sì jáde ní ọdún 2004. Gẹ̀ẹ́sì ni a fi kọ méjèèjì, ṣùgbọ́n èdè Yorùbá ni ọ̀pọ̀ ohun tó wà nínú wọn fi ṣẹlẹ̀; ọ̀rọ̀ yìí yóò padà wá bá wa níwájú. Ohun tí mo ń wá nínú wọn ni àwọn ohun kékeré, àwọn èyí tí àgbà tó wà níbẹ̀ lè má tilẹ̀ mọ̀ pé ó ṣẹlẹ̀. Mo ní ìdí tèmi fún ìwádìí yìí. Jobele ni wọ́n ti tọ́ mi, ní ẹ̀gbẹ́ ọ̀nà tó ti Ìbàdàn lọ sí Ọ̀yọ́, láàárín Fìdítì àti Ìlọràá, ohun kékeré kan sì wà níbẹ̀ tí n kò rí orúkọ fún títí di òní.

Kí á kọ́kọ́ yanjú àríyànjiyàn kan. Ẹnìkan lè béèrè pé, kí ni à ń wá ohun kékeré kiri fún, nígbà tó jẹ́ pé orí ló ti pinnu ohun gbogbo? Àkúnlẹ̀yàn ni àdáyébá. Bí ó bá jẹ́ pé ọ̀run ni a ti yan ẹni tí a ó jẹ́, ìrírí ọmọ ọdún mẹ́rin kò ju eruku ojú ọ̀nà lọ. Mo ń rí i nínú iṣẹ́ àwọn akẹ́kọ̀ọ́: wọn a fi Freud sí apá kan, wọn a fi orí sí apá kejì, wọn a wá ní kí òǹkàwé yan ọ̀kan, bí ẹni pé àwọn méjèèjì kò lè jókòó sórí ẹní kan náà. Ẹ jẹ́ kí á tún ìtàn orí gan-an gbọ́. Nínú ẹsẹ̀ Ifá tó sọ nípa Oríṣeékú, Orílèémèrè àti Afùwàpẹ́, èyí tí Wándé Abímbọ́lá, ọmọ Ọ̀yọ́, kọ sílẹ̀ tó sì ṣàlàyé fún àgbáyé, ọ̀rẹ́ mẹ́ta ló ń lọ sí ilé Àjàlá alámọ̀ láti yan orí. Àwọn méjì àkọ́kọ́ yára lọ, wọ́n mú orí tó wuyì lójú ṣùgbọ́n tí kò lágbára. Òjò pa wọ́n lọ́nà ayé, orí náà sì wó. Afùwàpẹ́ yà kí bàbá rẹ̀. Ìdádúró yẹn ló jẹ́ kó mú iyọ̀ dání. Lójú ọ̀nà, ó bá àgbàlagbà kan tó ń fi eérú sínú ọbẹ̀ torí pé kò mọ iyọ̀; ó bu iyọ̀ sí i fún un. Nípasẹ̀ iyọ̀ yìí ló fi rí ẹni tó tọ́ ọ sọ́nà, tó fi mọ orí tó yẹ kó mú.

Kí ló ya Afùwàpẹ́ sọ́tọ̀? Kì í ṣe agbára, kì í ṣe ọgbọ́n. Ìwọ̀n iyọ̀ díẹ̀ ni, àti pé ó yà sílé. Ìtàn tí à ń lò láti fi lé ohun kékeré jáde gan-an ló gbé ohun kékeré ga jù lọ. Bí ó bá rí bẹ́ẹ̀ lọ́run, n kò rí ìdí tí kò fi ní rí bẹ́ẹ̀ láyé. Orí kò dí ìrírí lọ́wọ́. Orí gan-an ní ìtàn tirẹ̀, ohun kékeré sì wà nínú ìtàn náà.

Ó tọ́ láti ti ibi iyọ̀ bọ́ sí ọ̀dọ̀ Fálọlá, ẹni tí ó fi iyọ̀ ṣe àkọlé ìwé rẹ̀. Ìṣẹ̀lẹ̀ tí kò sí ẹni tó ka ìwé náà tí yóò gbàgbé ni ti ọkọ̀ ojú irin. Ọmọdékùnrin kan tí ọkọ̀ ojú irin ń wù wọ ọ̀kan ní Ìbàdàn láìsọ fún ẹnikẹ́ni, ó sì bá ara rẹ̀ ní Ìlọrin. Nígbà tó padà délé, àwọn àgbà ti rí orúkọ fún ohun tó ṣe: èmèrè ni. Bí a bá ń ka ìwé náà láti ẹ̀yìn wá, ìrìn-àjò ni a ó mú. A ó ní òpìtàn tí yóò rìn ká ayé ti bẹ̀rẹ̀ ìrìn rẹ̀. Mo gbà pé ìrìn-àjò náà kọ́ ni ọ̀rọ̀. Ọ̀pọ̀ ọmọ ló ń sọnù, tí a ń rí, tí a ń fi ẹgba wẹ̀ lálẹ́ ọjọ́ náà, tí ọ̀rọ̀ sì parí síbẹ̀. Ohun tó ṣẹlẹ̀ sí ọmọ yìí ni pé ọ̀rọ̀ kan wọlé tọ̀ ọ́, kò sì jáde mọ́.

Èmèrè kì í ṣe èébú lásán. Ó jẹ́ ọmọ tó ní ẹgbẹ́ lọ́run, tó lè padà sọ́dọ̀ wọn nígbàkígbà tó bá wù ú. Ẹni tí a bá pè bẹ́ẹ̀, a ó máa ṣọ́ ọ, a ó máa bẹ̀ ẹ́, a ó sì máa bẹ̀rù rẹ̀ díẹ̀. Bí ó bá dákẹ́ jù, a ó ní ó ń bá wọn sọ̀rọ̀. Bí ó bá ṣàìsàn, ọkàn ilé kò ní balẹ̀. Ọmọ náà yóò sì ti kíyè sí i pé àgbà ń fi ojú méjì wo òun, kí òun tó mọ ìtumọ̀ ọ̀rọ̀ náà rárá. Àti agbára àti ìdánìkanwà ló wà nínú orúkọ náà, wọ́n sì fún un ní méjèèjì lọ́jọ́ kan ṣoṣo, láìgba ìyọ̀ǹda rẹ̀. Yorùbá ní ilé là ń wò kí á tó sọ ọmọ lórúkọ. Ó dára, ṣùgbọ́n orúkọ kejì máa ń wà, èyí tí a kò wo ilé kí á tó sọ, tó kàn bọ́ lẹ́nu ẹni tí inú ń bí tàbí tí ẹ̀rù ń bà. Orúkọ kejì yìí ló ń ṣiṣẹ́ jù.

Àléébù kan wà nínú ìwé Fálọlá tí n kò lè ṣàì sọ. Òpìtàn ni, kò sì lè gbàgbé pé òpìtàn ni òun. Bí ohun kékeré kan bá ti ṣẹlẹ̀ sí ọmọ náà báyìí, àgbàlagbà yóò ti dé láti ṣàlàyé àṣà tó rọ̀ mọ́ ọn, bí ilé ṣe rí ní Ìbàdàn, ohun tí òwe sọ nípa rẹ̀. Àlàyé náà wúlò, mo ti lò ó láti kọ́ni. Síbẹ̀, ó máa ń dé kí ohun náà tó ráyè dun ọmọ. Ní ibi èmèrè nìkan ni mo rò pé ìrora yẹn yára ju àlàyé lọ.

Ṣóyínká kò ní ìṣòro yìí. Nínú Aké, ọmọ ló ń rí, ọmọ náà ló sì ń ṣi nǹkan gbọ́. Àpẹẹrẹ tó hàn jù ni orúkọ bàbá rẹ̀. S. A. ni lẹ́tà ìbẹ̀rẹ̀ orúkọ olùkọ́ àgbà náà. Ọmọ sọ lẹ́tà méjèèjì di ọ̀rọ̀ kan, bàbá sì di Essay, bí àròkọ tí wọ́n ń kọ nílé-ìwé. Ìyá rẹ̀ di Wild Christian. Ẹ wò ó bí ọ̀rọ̀ ṣe yí padà sí ti Fálọlá. Níbẹ̀, àgbà ló sọ ọmọ lórúkọ, orúkọ náà sì dè é mọ́lẹ̀. Níhìn-ín, ọmọ ló sọ àgbà lórúkọ, láti inú etí tó ṣi nǹkan gbọ́, orúkọ yìí ni àgbáyé sì fi mọ àwọn òbí náà títí di òní. Ẹni tó bá fẹ́ túmọ̀ Essay sí Yorùbá yóò rí i pé ọ̀rọ̀ kékeré náà le ju òkúta lọ: bí ó bá pè é ní Àròkọ, lẹ́tà méjì náà sọnù, bí ó bá fi Ẹ́ẹ̀sì-Éè sílẹ̀, àròkọ sọnù.

Nígbà tí àwọn alámèyítọ́ bá fẹ́ fi hàn pé ìgbà èwe sàmì sí Ṣóyínká, Ìsarà ni wọ́n máa ń sáré lọ. Wọn kò jẹ̀bi. Bàbá àgbà rẹ̀ ló pè é ní Ìsarà, kó tó lọ sí Government College ní Ìbàdàn, tó sì mú kí wọ́n sín gbẹ́rẹ́ sí i ní ọrùn-ẹsẹ̀, kó lè dúró láàárín àwọn tó dàgbà jù ú. Ìran náà lẹ́wà, ẹ̀jẹ̀ wà nínú rẹ̀, abẹ wà nínú rẹ̀, ọ̀rọ̀ ìgboyà sì wà nínú rẹ̀. Bí a bá ní kí akẹ́kọ̀ọ́ wá àmì, àmì ló rí yìí, ó tilẹ̀ hàn sójú. Ìdí nìyí gan-an tí n kò fi fẹ́ bẹ̀rẹ̀ níbẹ̀. Gbẹ́rẹ́ jẹ́ àmì tí àgbà pinnu láti fi sára ọmọ. Àgbà mọ ohun tó ń ṣe, ọmọ mọ̀ pé wọ́n ń ṣe nǹkan sí òun, gbogbo ayé ilé sì mọ̀ pé ìrántí ni. Irú àmì bẹ́ẹ̀ kò nílò ìwé kí á tó mọ̀ ọ́n. Ní agbègbè tiwa níhìn-ín, iran àwọn òbí mi ṣì ní ilà lójú, àbàjà àti pélé. Kò sí ẹni tó ń ṣe ìwádìí kó tó mọ̀ pé wọ́n kọ wọ́n nílà. Òfin ẹ̀tọ́ ọmọdé ti ọdún 2003 sì ti fi òfin de ilà ara ọmọ. Àmì tí òfin lè dè kì í ṣe irú èyí tí mò ń wá.

Ẹ jẹ́ kí á fi agolo wàrà wé e. Ọmọ náà fẹ́ràn wàrà ẹlẹ́bu tí a rà fún ìkókó. Ó ń bu ún lá ní ìkọ̀kọ̀, ó mọ̀ pé kò dára, kò sì lè jáwọ́. Kò sí ẹni tó kọ́ ọ, kò sí ẹni tó sàmì sí i. Ahọ́n rẹ̀ nìkan ló mọ̀. Ẹni tó bá kà á dáadáa yóò rí i pé ibẹ̀ ni ọmọ náà ti kọ́kọ́ mọ̀ pé ènìyàn méjì ló wà nínú òun: ẹni tó mọ̀ pé ohun kan burú, àti ẹni tó ń ṣe é. Bí ó bá jẹ́ pé ohun tí à ń pè ní ìdánimọ̀ ni ọ̀nà tí ènìyàn ń gbà bá ara rẹ̀ sọ̀rọ̀ nígbà tí ẹnikẹ́ni kò sí níbẹ̀, inú yàrá ìkọ̀kọ̀ pẹ̀lú ṣíbí lọ́wọ́ ló ti bẹ̀rẹ̀. Kò sí akọni nínú rẹ̀. Ọmọ kan ni, tí ẹnu rẹ̀ funfun.

Ahọ́n àti imú yìí náà ni ìwé náà padà sí nígbà tó ń ṣọ̀fọ̀ ìlú tó ti yí padà, pẹ̀lú òórùn oúnjẹ àṣálẹ́ tí wọ́n ń tà lójú pópó Aké, tí oúnjẹ ilé-ìtajà òde òní ti wá gba ipò wọn. Mo ti gbọ́ tí wọ́n ń bẹnu àtẹ́ lu apá yìí pé ó jẹ́ ìkùnsínú arúgbó. N kò gbà. Ẹni tó dàgbà ní ẹ̀gbẹ́ ọ̀nà Fìdítì, níbi tí ọsàn àti ọ̀pẹ̀ òyìnbó ti ń dúró de ọkọ̀, mọ̀ pé òórùn lè di àdírẹ́sì. Ọkọ̀ lè máa sáré, kí ojú wa wà ní pípadé, imú yóò ti sọ pé a dé.

Ìran kejì ní Ìsarà ló tún mú mi lọ́kàn ju gbẹ́rẹ́ lọ. Àwọn àgbà jókòó, ọmọ dé, wọ́n ń retí kó dọ̀bálẹ̀. Kò dọ̀bálẹ̀. Ó béèrè pé, bí òun kò bá dọ̀bálẹ̀ fún Ọlọ́run, kí ló dé tí òun yóò fi dọ̀bálẹ̀ fún ènìyàn? Gbogbo alámèyítọ́ ló mọ ibi yìí, wọ́n sì ti sọ ọ́ di ìbẹ̀rẹ̀ ìṣọ̀tẹ̀ sí àṣẹ. Bí a bá kà á láti iwájú, ohun tí a rí kéré ju bẹ́ẹ̀ lọ, ó sì jinlẹ̀ ju bẹ́ẹ̀ lọ. Ọmọ tí a tọ́ nínú ọgbà ṣọ́ọ̀ṣì ní Aké ni. Ara rẹ̀ kò mọ ìdọ̀bálẹ̀ bí ara ọmọ Ìsarà ṣe mọ̀ ọ́n. Kó tó di pé ó ní èrò, ara rẹ̀ ti kọ̀. Ìbéèrè náà wá tẹ̀lé e láti gbèjà ara. Bí a ṣe ń kí ènìyàn kì í ti inú ọgbọ́n wá. Orúnkún ló ń mọ̀ ọ́n, àyà ló ń mọ̀ ọ́n, láti ìgbà tí ọmọ kò tí ì lè ṣàlàyé ohunkóhun.

Níbí ni mo ti lè sọ ohun Jobele náà, nítorí ìkíni ni òun náà.

Mo wà ní kíláàsì kẹfà ní ilé-ìwé alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀ kan lójú ọ̀nà wa. Òfin wà pé ẹnikẹ́ni kò gbọdọ̀ sọ fanákúlà nínú ọgbà ilé-ìwé, àní nígbà eré ọ̀sán. Olùkọ́ kan fún mi ní ìwé kékeré kan kí n máa kọ orúkọ àwọn tó bá sọ ọ́. Inú mi dùn sí ìwé náà ju bí mo ṣe lè sọ lọ. Mo fi rọ́bà dì í. Ní ọ̀sán ọjọ́ kan, ọmọ àbúrò bàbá mi, tó wà ní kíláàsì kẹta, sáré wá bá mi lábẹ́ igi. Ó kúnlẹ̀ díẹ̀, ó ní, "Bọ̀ọ̀dá, ṣé ẹ ti jẹun?" Ìyá rẹ̀ ló fi oúnjẹ rán an sí mi. Mo wo ojú rẹ̀, mo ṣí ìwé, mo kọ orúkọ rẹ̀. Wọ́n nà án lẹ́gba mẹ́ta pẹ̀lú àwọn yòókù kí a tó jáde.

Yorùbá ní ẹni tó ṣu ló ń gbàgbé, ẹni tó kó o kì í gbàgbé. Ní tèmi, òwe náà yí padà. Nígbà tí mo rán an létí ní ọdún díẹ̀ sẹ́yìn, kò rántí. Ó ní wọ́n nà wá púpọ̀ nígbà náà, ta ni yóò máa kà á. Èmi tí wọn kò nà ni mo rántí. Kì í sì í ṣe ẹgba ni mo ń rántí. Ohun tí mo ń rántí ni ọ̀rọ̀ tó sọ. Ẹ wo ọ̀rọ̀ náà dáadáa. Ọmọ ọdún mẹ́jọ bi ẹ̀gbọ́n rẹ̀ bóyá ó ti jẹun, ó sì lo "ẹ". Èdè tí wọ́n fẹ́ kó fi béèrè kò ní "ẹ" tirẹ̀. Bí ó bá pa òfin ilé-ìwé mọ́, yóò ti ba òfin ilé jẹ́. Sílébù kan ṣoṣo ni, àmọ́ inú rẹ̀ ni gbogbo ẹ̀kọ́ ilé tí wọ́n kọ́ ọmọ náà wà. Mo kọ ọ́ sínú ìwé gẹ́gẹ́ bí ẹ̀ṣẹ̀.

Ìrírí yìí kì í ṣe ti Jobele nìkan. Nínú Decolonising the Mind, tó jáde ní ọdún 1986, Ngũgĩ wa Thiong'o sọ bí wọ́n ṣe ń fi bọ́tìnì kan lé ọmọ tó bá sọ Gĩkũyũ lọ́wọ́ nílé-ìwé tirẹ̀ ní Kẹ́ńyà. Ọmọ náà yóò fi lé ẹlòmíràn tó bá tún sọ ọ́ lọ́wọ́, títí ilẹ̀ yóò fi ṣú; ẹni tó bá wà lọ́wọ́ rẹ̀ nígbẹ̀yìn yóò sọ ẹni tó fún un, onítọ̀hún yóò sì sọ ẹni tó fún òun. Báyìí ni gbogbo ẹlẹ́ṣẹ̀ ọjọ́ náà ṣe ń jáde. Àwa tí à ń tọ́ka sí ibẹ̀ nínú iṣẹ́ wa, ìyà ni a máa ń rí, pẹ̀lú pátákó ìtìjú tí wọ́n ń fi kọ́ ọmọ lọ́rùn. Ngũgĩ fúnra rẹ̀ rí ju bẹ́ẹ̀ lọ: ó mọ̀ pé wọ́n ń kọ́ ọmọ láti máa ṣọdẹ ọmọ. Ohun tí n kò rí ẹni tó kọ púpọ̀ lé lórí ni ọmọ tó di ọdẹ náà dáadáa, tó gbádùn rẹ̀, tó fi rọ́bà di ìwé rẹ̀. Ìwé ìrántí ilẹ̀ Áfíríkà kún fún ọmọ tí wọ́n ṣẹ̀. Níbo ni ọmọ tó ṣẹni wà? Ó ṣeé ṣe kí òun náà ti di olùkọ́ èdè Yorùbá ní yunifásítì.

Kí ẹnikẹ́ni má ṣe rò pé ọ̀rọ̀ àná ni mò ń sọ. Láti ọdún 1970 ni Babátúndé Fáfúnwá àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ ní Ifẹ̀ ti fi iṣẹ́ ìwádìí wọn hàn pé ọmọ tí a fi Yorùbá kọ́ fún ọdún mẹ́fà kò ní ṣẹ́yìn ẹgbẹ́ rẹ̀ nínú Gẹ̀ẹ́sì tàbí ìṣirò. Ní ọdún 2022, ìjọba àpapọ̀ fọwọ́ sí ìlànà pé kí èdè abínibí jẹ́ èdè ìkọ́ni ní ilé-ìwé alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀. Ní oṣù kọkànlá ọdún 2025, wọ́n fagi lé e. Àwọn tó ń jà sí i ń sọ̀rọ̀ nípa máàkì ìdánwò. Kò sí ìdánwò tó ń wọn "ẹ".

Ìdí nìyí tí mo fi ka iṣẹ́ Akínwùmí Ìṣọ̀lá lórí Aké sí ju ìtumọ̀ lásán lọ. Ìbàdàn ni wọ́n ti bí Ìṣọ̀lá ní ọdún 1939, ó sì ti kọ ìwé tirẹ̀ lórí ìgbà èwe ọmọ abúlé, Ogún Ọmọdé, kó tó mú Aké wá sí èdè Yorùbá. Òwe tó fi ṣe àkọlé ìwé tirẹ̀ yẹn sọ pé ogún ọmọdé kì í ṣeré fún ogún ọdún. Ẹni tó mọ òwe náà mọ̀ pé eré ti ń parí láti ojú ewé kìíní. Ẹni tó ní irú etí bẹ́ẹ̀ ló yẹ kó túmọ̀ ọ̀rọ̀ àwọn àgbà Aké. A sì lè béèrè pé ta ló ń tumọ̀ ta gan-an. Nígbà tí bàbá àgbà ń bá ọmọ sọ̀rọ̀ ní Ìsarà, Gẹ̀ẹ́sì kọ́ ló ń sọ. Ìwé ti ọdún 1981 ti jẹ́ ìtumọ̀ kí Ìṣọ̀lá tó fọwọ́ kàn án; ohun tí Ìṣọ̀lá ṣe ni pé ó dá ọ̀rọ̀ padà sílé. Nínú Gẹ̀ẹ́sì, "you" ni gbogbo wọn ń pe ara wọn. Nínú Yorùbá, òǹtumọ̀ ní láti pinnu ní gbólóhùn kọ̀ọ̀kan bóyá "o" ni tàbí "ẹ". Kò sí bí ó ṣe lè yẹra. Èdè náà ń bi í léèrè lọ́wọ́ lẹ́sẹ̀ pé: ta ni ẹni yìí sí ẹni yẹn? Ìbéèrè yìí gan-an ni ọmọ tí kò dọ̀bálẹ̀ ní Ìsarà ń sá fún, òun náà ni mo sì kọ orúkọ ẹnìkan sínú ìwé lé lórí.

Ní àkókò ìsinmi kan, mo mú ìwé Ìṣọ̀lá lọ sílé. Àbúrò mi yẹn ń ta ọ̀pẹ̀ òyìnbó ní Fìdítì báyìí. Ọjà kò yá lọ́jọ́ náà, mo sì ka ibi wàrà fún un lábẹ́ agboòrùn rẹ̀. Ó rẹ́rìn-ín títí omi fi bọ́ lójú rẹ̀. Ó ní òun náà ti jí wàrà bẹ́ẹ̀ lá, pé èrò òun ni pé kò sí ẹlòmíràn láyé tó ṣe é. Kò mọ ẹni tó kọ ìwé náà, n kò sì sọ fún un. Mo bi í pé kí ni ó rò pé ọmọ náà yóò dà.

Ó ronú díẹ̀. "Oníṣòwò ni, bọ̀ọ̀dá. Ẹ ò rí bó ṣe mọ ìwọ̀n tó máa bù, tí wọn ò ní tètè fura?"

Ọkọ̀ kan dúró, ó sì dìde lọ dá oníbàárà lóhùn.